Kí a tó fọwọ́ síwèé ẹ̀yáwó ilé, ẹ jẹ́ kí a bèèrè àpapọ̀ owó tí a óò san

Sí Olóòtú,

Mo kí yín kú iṣẹ́, mo sì kí gbogbo òǹkàwé yín. Ọ̀rọ̀ ẹ̀yáwó ilé ni mo bá wá. Láti ìgbà tí ìjọba àpapọ̀ ti gbé ètò owó ilé kan tí wọ́n ń pè ní MREIF kalẹ̀, tí wọ́n sì kéde pé èlé orí owó náà jẹ́ ìdá 9.75 nínú ọgọ́rùn-ún, tí èèyàn sì lè fi tó ogún ọdún san án, ìpolówó ilé ti kún orí rédíò àti ojú ìwé ìròyìn. Ohun tí ọ̀pọ̀ jù lọ nínú àwọn ìpolówó wọ̀nyí máa ń kọ gàdàgbà gadagba ni iye tí èèyàn yóò máa san lóṣù. Àpapọ̀ owó tí yóò ti jáde lápò ẹni náà ní ọjọ́ tí gbèsè bá tán kì í sí níbẹ̀, bẹ́ẹ̀ ni wọn kì í sọ ohun tí ó lè mú kí iye oṣooṣù náà yí padà. Mo jẹ́ akọ̀wé ẹgbẹ́ aláfọwọ́sowọ́pọ̀ kan ní Ìbàdàn, iṣẹ́ ìṣirò owó ni mo sì ṣe títí mo fi fẹ̀yìn tì, nítorí náà àwọn ọmọ ẹgbẹ́ wa a máa gbé ìwé báǹkì wá kí n bá wọn yẹ̀ ẹ́ wò. Ìbéèrè tí wọ́n máa ń bi mí kò ju ọ̀kan lọ: ṣé agbára àwọn ká owó oṣù yẹn? Èrò mi ni pé ìbéèrè yẹn dára, ṣùgbọ́n òun kọ́ ni ó yẹ kí ó ṣíwájú.

Ẹ jẹ́ kí a mú mílíọ̀nù 20 náírà gẹ́gẹ́ bí àpẹẹrẹ. Ẹni tí ó bá yá a ní ìdá 9.75 fún ogún ọdún yóò máa san nǹkan bí ₦189,703 lóṣooṣù. Ogún ọdún jẹ́ 240 oṣù. Bí a bá fi 240 sọ owó oṣù yẹn di púpọ̀, yóò fún wa ní mílíọ̀nù 45 àti ààbọ̀ náírà. Ìyẹn ni pé èlé nìkan jẹ́ mílíọ̀nù 25 àti ààbọ̀, ó sì ju owó tí èèyàn yá gan-an lọ. Àwọn àgbà wa a máa pe olówó èlé ìgbà ayé wọn ní sogúndogójì, orúkọ náà kì í sì í ṣe oríyìn. Ti wa yìí ti kọjá ogójì, bẹ́ẹ̀ ẹ̀yáwó tí a kà sí ẹlẹ́yinjú àánú ni. N kò sọ pé olè ni ẹni tí ó yá wa lówó. Ogún ọdún kì í ṣe ọjọ́ kan, owó tí ó bá sì wà lọ́wọ́ ẹlòmíràn fún irú àkókò bẹ́ẹ̀ kò lè ṣàì bí èlé. Ohun tí mo ń sọ ni pé ó yẹ kí a ti rí iye náà lójú ìwé kí a tó fọwọ́ sí i, kì í ṣe kí a wá ṣírò rẹ̀ lẹ́yìn ọdún mẹ́wàá.

Ọ̀nà tí èlé yìí ń gbà rìn ni ó yẹ kí òǹkàwé fara balẹ̀ wò, nítorí ibẹ̀ ni ọ̀pọ̀ ènìyàn ti ń ṣi nǹkan gbọ́. Lóṣooṣù ni báǹkì ń ka èlé, orí gbèsè tí ó bá ṣẹ́ kù ní oṣù náà ni wọ́n sì ń kà á lé. Ní oṣù kìn-ín-ní, gbogbo mílíọ̀nù 20 ṣì wà nílẹ̀, nítorí náà èlé oṣù yẹn jẹ́ ₦162,500. Nínú ₦189,703 tí a san, ₦27,203 péré ni ó kù tí yóò dín gbèsè kù. Ní oṣù kejì, gbèsè ti fúyẹ́ díẹ̀ sí i, èlé náà yóò sì fi ìwọ̀nba díẹ̀ dín kù, owó tí ń lọ sórí gbèsè yóò sì fi ìwọ̀nba díẹ̀ náà pọ̀ sí i. Báyìí ni yóò ṣe máa lọ ní wọ́ọ́rọ́wọ́. Nígbà tí ọdún márùn-ún bá pé, ẹni náà yóò ti san mílíọ̀nù 11 lé ní ẹgbẹ̀rún lọ́nà 380 náírà, ṣùgbọ́n yóò ṣì jẹ báǹkì ní mílíọ̀nù 17.9. Nígbà tí ọdún mẹ́wàá bá pé, tí ó rò pé òun ti dé àárín ọ̀nà, mílíọ̀nù 14 àti ààbọ̀ ni yóò ṣì wà lọ́rùn rẹ̀. Ó di inú ọdún kẹẹ̀ẹ́dógún kí ìdajì gbèsè tó lọ. Kò sí ìwà àrékérekè kankan nínú èyí; bí ìṣirò náà ṣe rí nìyẹn ní gbogbo ayé. Ṣùgbọ́n ẹni tí kò bá mọ̀ ọ́n, tí ó wá fẹ́ ta ilé náà ní ọdún keje nítorí pé iṣẹ́ gbé e lọ sí Àbújá, tàbí nítorí pé ó fẹ́ kó lọ sí òkè òkun, yóò rò pé wọ́n rẹ́ òun jẹ nígbà tí wọ́n bá sọ iye tí ó kù fún un.

Ọ̀kan nínú àwọn ẹ̀yáwó tí èlé wọn kéré jù lọ tí òṣìṣẹ́ lè tọ̀ lọ ni ti owó àkànṣe ilé gbígbé tí a mọ̀ sí NHF, èyí tí òfin ọdún 1992 dá sílẹ̀, tí wọ́n ń fi ìdá 2.5 nínú ọgọ́rùn-ún owó oṣù òṣìṣẹ́ ṣe, tí Federal Mortgage Bank of Nigeria sì ń bójú tó. Ìdá 6 nínú ọgọ́rùn-ún ni èlé rẹ̀, ó sì lè tó ọgbọ̀n ọdún kí èèyàn tó san án tán, bí ọjọ́ orí rẹ̀ bá gbà bẹ́ẹ̀, nítorí gbèsè gbọ́dọ̀ ti tán kí ẹni náà tó fẹ̀yìn tì. Mílíọ̀nù 10 náírà lọ́nà yìí fún ọgbọ̀n ọdún yóò máa gba ₦59,955 lóṣù, àpapọ̀ rẹ̀ yóò sì jẹ́ nǹkan bíi mílíọ̀nù 21.6. Ẹ ò rí i pé ẹ̀yáwó tí èlé rẹ̀ kéré tó báyìí náà ju ìlọ́po méjì lọ bí a bá fa ọdún rẹ̀ gùn. Ṣùgbọ́n bí ẹni kan náà bá lè máa san ₦84,386 lóṣù, ọdún mẹ́ẹ̀ẹ́dógún ni yóò fi bọ́, àpapọ̀ owó náà kò sì ní ju mílíọ̀nù 15.2 lọ. Èlé kan náà ni, owó kan náà ni, ọdún ni ó yàtọ̀. Iye ọdún wà lára iye owó ilé, bí ìdá èlé ṣe wà lára rẹ̀. Ẹni tí ń ta ilé kò sì ní yé fi ọdún púpọ̀ lọ̀ wá, nítorí pé bí ọdún bá ti ń gùn ni owó oṣù ń dà bí ohun tí kò tó nǹkan.

Kì í ṣe gbogbo ènìyàn ni ọwọ́ rẹ̀ lè tẹ NHF tàbí ètò ìjọba mìíràn. Oníṣẹ́ ọwọ́, oníṣòwò tí kò ní ìwé owó oṣù, àti ọ̀pọ̀ àwọn tí ìlà kò tíì kàn, báǹkì oníṣòwò ni wọ́n ń lọ bá, iye tí owó ń lọ lọ́jà ni báǹkì náà yóò sì fi yá wọn. Ká ní ìdá 25 nínú ọgọ́rùn-ún ni, èyí tí kì í ṣe ohun ìyàlẹ́nu láti ọdún díẹ̀ sẹ́yìn. Mílíọ̀nù 20 kan náà, fún ogún ọdún kan náà, yóò di ₦419,643 lóṣù. Nínú owó àkọ́kọ́ tí a san yẹn, ₦416,667 ni èlé. Ohun tí ó dín gbèsè kù kò ju ₦2,976 lọ. Lẹ́yìn ọdún márùn-ún gbáko, ẹni náà yóò ti san ohun tí ó lé ní mílíọ̀nù 25, iye tí ó ju gbogbo owó tí ó yá lọ, gbèsè rẹ̀ yóò sì ti fi nǹkan bí ₦349,000 péré dín kù. Mílíọ̀nù 19 lé ní ẹgbẹ̀rún lọ́nà 650 ṣì wà nílẹ̀ de ìdílé rẹ̀. Bí ó bá san án dé òpin, yóò ti lé ní mílíọ̀nù 100.

Láyé àtijọ́, bí ẹnìkan bá yáwó tí ó sì fi ọmọ tàbí àbúrò rẹ̀ ṣe ìwọ̀fà, iṣẹ́ tí ìwọ̀fà ń ṣe lóko olówó ni èlé. Ìbáà ṣe oṣù mẹ́fà, ìbáà ṣe ọdún mẹ́fà, kíkọ ebè kò dín owó tí a yá kù rárá. Àfi kí wọ́n kó odidi owó náà kalẹ̀ kí ìwọ̀fà tó padà sílé baba rẹ̀. Ẹni tí ó bá yáwó ilé ní ìdá 25 fún ogún ọdún kò fi bẹ́ẹ̀ yàtọ̀ sí ìwọ̀fà ní ọdún márùn-ún àkọ́kọ́. Iṣẹ́ èlé ni ó ń ṣe. Ẹni tí ó bá sì mọ̀ bẹ́ẹ̀ tẹ́lẹ̀ lè pinnu láti yá díẹ̀, tàbí láti dúró ná.

Mo fẹ́ mẹ́nu ba tọkọtaya kan tí olùkọ́ ni àwọn méjèèjì, tí wọ́n gbé ìwé ẹ̀yáwó wá sílé mi ní ọjọ́ Sátidé kan. N kò ní dárúkọ báǹkì náà, nítorí pé irú ọ̀rọ̀ tí mo rí nínú ìwé tiwọn wọ́pọ̀. Ìyàwó ni ó kọ́kọ́ sọ̀rọ̀. Ó ní, “Ẹ̀gbọ́n, owó oṣù ti wà níbẹ̀, agbára wa sì ká a. Ẹ ṣá bá wa wo ibi tí a máa fọwọ́ sí.” Mo ní kí wọ́n jẹ́ kí n kà á láti òkè. Nígbà tí mo dé ojú ewé kẹrin, mo bá a níbẹ̀, ní lẹ́tà wẹ́wẹ́, pé báǹkì ní ẹ̀tọ́ láti ṣàtúnyẹ̀wò ìdá èlé nígbàkígbà gẹ́gẹ́ bí ọjà owó bá ṣe rí. Mo kà á sí wọn létí ní Yorùbá. Ọkọ bi mí léèrè pé, “Ẹ̀gbọ́n, ṣé wọ́n lè ṣe bẹ́ẹ̀ lóòótọ́, lẹ́yìn tí a ti jọ dúnàádúrà?” Mo ní, “Wọ́n ti kọ ọ́ síbẹ̀, ẹ̀yin náà sì fẹ́ fọwọ́ sí i.” Wọ́n padà lọ sí báǹkì ní ọ̀sẹ̀ tó tẹ̀ lé e láti bèèrè bóyá wọ́n lè yọ ọ̀rọ̀ náà kúrò. Èsì tí wọ́n rí gbà ni pé bí ìwé gbogbo oníbàárà ṣe rí nìyẹn, àti pé kí wọ́n má da ara wọn láàmú, kọ̀ǹpútà ni yóò máa ṣe ìṣirò náà. Wọn kò tíì fọwọ́ sí i. Owó tiwọn ni wọ́n ń kó jọ lọ́dọ̀ ẹgbẹ́ wa báyìí, kí iye tí wọn yóò yá lè dín kù.

Kí òǹkàwé má baà rò pé mò ń fi ohun tí kò lè ṣẹlẹ̀ dẹ́rù ba ènìyàn, ẹ jẹ́ kí a rántí ohun tí ó ṣojú gbogbo wa. Ní ìbẹ̀rẹ̀ ọdún 2022, ìdá 11.5 nínú ọgọ́rùn-ún ni Báǹkì Àpapọ̀ Nàìjíríà, CBN, fi ìdá èlé tí àwọn báǹkì yòókù ń wò tẹ̀ lé sí. Nígbà tí oṣù kọkànlá ọdún 2024 fi máa parí, wọ́n ti gbé e dé 27.5. Ká ní ẹnìkan yá mílíọ̀nù 20 ní ìdá 18 fún ogún ọdún, tí ó ń san ₦308,662 lóṣù. Bí báǹkì bá gbé èlé náà dé 28 lẹ́yìn ọdún kan péré, owó oṣù rẹ̀ yóò di nǹkan bíi ₦466,000. Bí ó bá ní òun kò lè san ju ti tẹ́lẹ̀ lọ, owó tí ó ń mú wá kò ní tó èlé oṣù kan mọ́. Gbèsè yóò wá máa ga sókè ní ìgbà tí ó rò pé òun ń san án. Nítorí náà, ohun àkọ́kọ́ tí mo máa ń wá nínú ìwé ni bóyá èlé náà dúró sójú kan títí gbèsè yóò fi tán, tàbí bóyá ó dúró fún ọdún méjì péré, tàbí bóyá kò dúró rárá. Ìdá 12 tí ó dúró lè sàn fún èèyàn ju ìdá 9 tí ẹnikẹ́ni lè gbé sókè lọ.

Àwọn kan yóò sọ pé mò ń ka owó bí ẹni pé náírà kì í yẹ̀. Òótọ́ ni wọ́n sọ, ó sì yẹ kí a gbé e yẹ̀ wò dáadáa. Ilé-iṣẹ́ ìjọba tí ó ń ṣe àkójọ ìṣirò, NBS, kéde pé ọ̀wọ́n gógó ọjà jẹ́ ìdá 34.80 nínú ọgọ́rùn-ún ní oṣù kejìlá ọdún 2024. Nígbà tí ọjà bá ń gbówó lórí báyìí, ẹni tí ó bá yáwó ní ìdá 6 tàbí 9.75 tí kò ní yí padà ni ó jèrè, ayánilówó ni ó pàdánù. Owó oṣù tí ó kéré jù lọ tí òfin fọwọ́ sí jẹ́ ₦18,000 ní ọdún 2011, ó di ₦30,000 ní ọdún 2019, ó sì di ₦70,000 ní ọdún 2024. Ẹni tí ó bá ti ń san ₦9,000 lóṣù lórí ilé láti ọdún 2011, ìdajì owó oṣù bẹ́ẹ̀ ni ó ń san nígbà náà. Lónìí, nǹkan bí ìdá kan nínú mẹ́jọ ni. Ìdí nìyí tí n kò fi ní sọ fún ẹnikẹ́ni láé pé kí ó má yá owó NHF bí ó bá rí i gbà. Àmọ́ ẹ ṣàkíyèsí ohun tí èrè yìí dúró lé. Ó dúró lé èlé tí kò ní yí padà, ó sì dúró lé owó tí ń wọlé fún ẹni náà, tí ó gbọ́dọ̀ máa bá ọjà gòkè. Owó ìfẹ̀yìntì kì í sábà bá ọjà gòkè, ẹ jẹ́ kí n sọ èyí gẹ́gẹ́ bí ẹni tí ó ń gbà á. Bí èlé bá sì jẹ́ èyí tí ń bá ọjà owó yí, ọ̀wọ́n gógó kan náà tí ì bá bá wa jẹ gbèsè náà tán ni yóò gbé èlé sókè.

Èlé nìkan kọ́ ni a ń san. Owó ìdásí àkọ́kọ́ wà, tí èèyàn gbọ́dọ̀ mú wá látàpò ara rẹ̀. Owó iṣẹ́ ìwé ní báǹkì wà, owó agbẹjọ́rò, owó ẹni tí yóò díye lé ilé, àti owó adójútòfò fún ilé àti fún ẹ̀mí ẹni tí ó yáwó. Òfin Ìlò Ilẹ̀ ti ọdún 1978 sì sọ pé èèyàn kò gbọdọ̀ fi ilẹ̀ dógò láìgba àṣẹ gómìnà, àṣẹ yẹn kì í sì í ṣe ọ̀fẹ́. Púpọ̀ nínú àwọn owó wọ̀nyí ni a máa ń san kí a tó wọlé, ó sì ti ṣẹlẹ̀ níṣojú mi pé ọmọ ẹgbẹ́ wa lọ yáwó pàjáwìrì níbòmíràn kí ó lè san wọ́n. Ẹ̀yáwó lórí ẹ̀yáwó nìyẹn.

Mo mọ̀ pé ọ̀pọ̀ nínú wa kò fẹ́ràn ẹ̀yáwó ilé rárá. Ìṣe wa ni pé kí a ra ilẹ̀, kí a gẹ búlọ́ọ̀kù, kí a kọ́ ọ dé òkè fèrèsé, kí a fi í sílẹ̀ di ìgbà tí owó bá tún yọjú. Èyí náà ní iye tirẹ̀: owó ilé tí a ń san fún onílé ní gbogbo ọdún tí ilé tiwa fi wà láìní òrùlé, àti iye tí sìmẹ́ńtì àti irin ń gun orí ara wọn. Ìdí tí mo fi sọ èyí ni pé n kò fẹ́ kí ẹnikẹ́ni ka lẹ́tà mi kí ó sì rò pé mo ní kí a sá fún báǹkì. Ẹni tí ó bá mọ àpapọ̀ owó ní ọ̀tún àti ní òsì ni ó lè fi wọ́n wé ara wọn.

Fún ẹni tí ó bá ti wà lẹ́nu sísan gbèsè, ọ̀nà kan wà tí àwọn báǹkì kì í sábà polówó. Ẹ padà sí mílíọ̀nù 20 wa ti ìdá 9.75. Bí ẹni náà bá fi ₦20,000 kún owó oṣù rẹ̀ láti ìbẹ̀rẹ̀, tí ó ń san ₦209,703, gbèsè tí ì bá gba ogún ọdún yóò tán ní ọdún mẹ́ẹ̀ẹ́dógún àti oṣù márùn-ún, èlé tí yóò sì bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀ fẹ́rẹ̀ẹ́ tó mílíọ̀nù 7. Ìdí rẹ̀ ni pé gbogbo àlékún náà orí gbèsè ni ó ń lọ tààrà, kò sí èlé kankan tí yóò jẹ nínú rẹ̀. Bí ó bá sì jẹ́ ọdún mẹ́wàá ni ó mú dípò ogún láti ìbẹ̀rẹ̀, owó oṣù yóò jẹ́ ₦261,540, èlé yóò sì já wálẹ̀ láti mílíọ̀nù 25 àti ààbọ̀ sí mílíọ̀nù 11.4. Ṣùgbọ́n kí èèyàn tó bẹ̀rẹ̀ sí í san àlékún, kí ó bèèrè bóyá ìtanràn wà fún sísan gbèsè ṣáájú àkókò, kí ó sì kọ ọ́ sínú ìwé pé orí owó tí òun yá ni kí wọ́n dà á sí, kí wọ́n má kàn fi í pamọ́ de owó oṣù tí ń bọ̀.

Àwọn ẹlẹ́sìn Ìsìláàmù tí kò fẹ́ bá èlé da nǹkan pọ̀ a máa lọ sí báǹkì tí kì í gba èlé. Lábẹ́ ìlànà múrábáhà, báǹkì náà yóò ra ohun tí oníbàárà fẹ́, yóò sọ iye tí ó rà á, yóò sọ iye èrè tí òun fi lé e, yóò sì tà á fún un ní àpapọ̀ iye kan tí a lè fi ọdún púpọ̀ san. N kò sọ pé ó dínwó. Nígbà mìíràn kò dínwó rárá. Ṣùgbọ́n àpapọ̀ iye náà ti wà nílẹ̀ láti ọjọ́ àkọ́kọ́, oníbàárà sì lè fi ojú ara rẹ̀ rí i. Ohun tí mo ń bèèrè lọ́wọ́ àwọn báǹkì yòókù kò ju ìyẹn lọ.

Bẹ́ẹ̀ ni kò ju ohun tí àwọn ọmọ wa tí ń ra ilé ní òkè òkun ń rí gbà. Ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, ìwé àlàyé tí ayánilówó gbọ́dọ̀ fún ẹni tí ó fẹ́ yáwó ilé máa ń sọ àpapọ̀ owó tí yóò san, ó sì máa ń túmọ̀ rẹ̀ sí iye tí yóò dá padà lórí pọ́n-ùn kọ̀ọ̀kan tí ó bá yá. Ní Amẹ́ríkà, òfin tí ó ní kí ayánilówó máa sọ òtítọ́ iye èlé ti wà láti ọdún 1968. Láti ọdún 2015 sì ni ìwé ìṣirò tí wọ́n ń fún ẹni tí ó bá tọrọ ẹ̀yáwó ilé ti ń fi iye tí yóò ti san ní ọdún márùn-ún hàn, tí ó sì ń fi iye tí yóò ti kúrò lórí gbèsè rẹ̀ gan-an hàn lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀. Àwọn iye méjèèjì yẹn ni mo fi ọwọ́ ara mi ṣírò lókè yìí. Ọmọ ìyá kan náà ni ẹni tí ń ra ilé ní Houston àti ẹni tí ń ra ilé ní Akọ́bọ̀. Kò yẹ kí ọ̀kan rí i lójú ìwé kí èkejì máa wá akọ̀wé ẹgbẹ́ kiri.

Nílẹ̀ tiwa náà, òfin ọdún 2018 tí ó dá àjọ FCCPC sílẹ̀ láti máa dáàbò bo oníbàárà sọ pé kí ìwé tí a bá fún oníbàárà jẹ́ èyí tí yóò tètè yé e. Mo gbà pé ìwé ẹ̀yáwó ilé tí kò ní àpapọ̀ owó nínú kò tíì yé ẹnikẹ́ni, ìbáà jẹ́ ọ̀jọ̀gbọ́n. Mo fẹ́ kí àjọ náà àti CBN pàṣẹ pé kí ojú ewé àkọ́kọ́ nínú ìwé ẹ̀yáwó ilé gbogbo máa sọ àpapọ̀ owó tí a óò san, iye tí gbèsè yóò kù lẹ́yìn ọdún márùn-ún, bóyá èlé lè yí padà, àti iye tí owó oṣù yóò dà bí ó bá fi ìdá 5 tàbí ìdá 10 gòkè. Kí wọ́n sì kọ ọ́ ní Yorùbá fún ẹni tí ó bá fẹ́ ẹ ní Yorùbá, nítorí pé gbèsè ogún ọdún kì í ṣe ohun tí èèyàn ń méfò sí.

Kí àṣẹ bẹ́ẹ̀ tó dé, ẹni tí ó bá fẹ́ yáwó ní ẹ̀tọ́ láti bèèrè ìwé tí ó fi ìsanwó oṣù kọ̀ọ̀kan hàn láti oṣù kìn-ín-ní dé oṣù tó kẹ́yìn, tí èlé wà lápá kan, tí owó tí ń dín gbèsè kù wà lápá kejì. Ìṣẹ́jú díẹ̀ ni kọ̀ǹpútà báǹkì fi ń tẹ̀ ẹ́ jáde. Báǹkì tí ó bá kọ̀ láti tẹ̀ ẹ́ fún un, kí ó gba ibòmíràn lọ.

Ní ti ẹ̀yin olóòtú, ẹ̀bẹ̀ kan ni mo ní. Mo mọ̀ pé owó ìpolówó wà lára ohun tí ń gbé ìwé ìròyìn ró, n kò sì ní kí ẹ dá a padà. Ṣùgbọ́n bí ìpolówó ilé mìíràn bá tún dé ọ́fíìsì yín, ẹ jọ̀wọ́, ẹ ní kí ẹni tí ó gbé e wá kọ àpapọ̀ owó náà sí ẹ̀gbẹ́ owó oṣù, kí lẹ́tà rẹ̀ má sì kéré ju ti owó oṣù lọ.

Èmi ni tiyín ní tòótọ́,
Akọ̀wé ẹgbẹ́ aláfọwọ́sowọ́pọ̀ kan,
Ìbàdàn, Ìpínlẹ̀ Ọ̀yọ́.